Ẹni Tó Fò Tí Kò Kú

Ọ́síríà,
Ọjọ́ 28, oṣù kejìlá, 1953.

Ẹ̀gbọ́n mi Monínúọlá,

Ẹ kú ọdún Kérésì, ẹ kú ọyẹ́. Mo mọ̀ pé ètè yín á ti máa bó báyìí ní Ìjìgbò, ẹ óò sì máa fi òrí ra á. Ẹ bá mi fi díẹ̀ ra tèmi náà láti ọ̀hún, nítorí òtútù ibí kò ní orúkọ ní èdè wa. Ṣé Àyọ̀kẹ́ ọmọ mi ń ṣe dáadáa? Ṣé ikọ́ yín ti fi yín lọ́rùn sílẹ̀?

Ẹ jókòó kí ẹ tó ka èyí tó kàn. Mi ò sí ní Lọ́ńdọ̀nù mọ́. Mo tún fìdí rẹmi nínú ìdánwò òfin yẹn, gbogbo rẹ̀ sì sú mi bí ọbẹ̀ tó ti kan. Ọmọ Gẹ̀ẹ́sì kan tí a jọ ń fọ abọ́ ló sọ pé àwọn ilé ìtura ní ilẹ̀ Ọ́síríà ń wá òṣìṣẹ́ ní àsìkò òtútù. Mo dìde, mo tẹ̀ lé e. Ẹ̀yin náà mọ̀ mí. Mo ti ṣe tíṣà, mo ti ṣe akọ̀wé kóòtù, mo ti yẹ kòkó wò fún ìjọba. Kò sí àga tí mo jókòó lé tí ìdí mi mú un gbóná.

Iṣẹ́ tí mò ń ṣe níbí ni pé mò ń tẹ òjò dídì. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín. Eré kan wà tí àwọn ará ibí fẹ́ràn ju oúnjẹ lọ. Lórí òkè tó ga ju Òkè Ayọ̀bà lọ, wọ́n kan igi ní ìdàgẹ̀rẹ̀ bí òrùlé, wọ́n da òjò dídì lé e. Ọkùnrin kan á gun un lọ sókè, á de pákó gígùn méjì mọ́ ẹsẹ̀, á dá ara rẹ̀ sílẹ̀, á wá máa yọ̀ bọ̀ bí ẹja tó bọ́ lọ́wọ́ ẹni. Níbi tí igi parí sí, kò sí nǹkan kan níwájú rẹ̀ mọ́ àfi afẹ́fẹ́. Ibẹ̀ ló ti máa fò. Á na ọwọ́ méjèèjì síwájú, á dọ̀bálẹ̀ sórí afẹ́fẹ́ bí ẹni tó ń kí ọba, ìsàlẹ̀ réré lọ́hùn-ún ni yóò ti fẹsẹ̀ kan ilẹ̀. Àwọn kan dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkè tí wọ́n ń fi ojú wá ibi tí ẹsẹ̀ rẹ̀ bà. Àwọn onídàájọ́ jókòó sínú àhéré, wọ́n ń fún un ní máàkì bí ọmọ iléèwé. Ẹni tó fò jìnnà tó sì balẹ̀ pẹ̀lú ẹwà ló borí. Odidi àsìkò òtútù ni wọ́n fi ń ṣe é, láti ìlú kan bọ́ sí ìlú kejì. Àwọn ará Nọ́wè, Fínláńdì, Jámánì, gbogbo wọn ló ń wá.

Ibi tí wọ́n máa balẹ̀ sí gbọ́dọ̀ le, kó sì tẹ́jú. Àwa la ń tẹ̀ ẹ́. À ń tò ní ẹ̀gbẹ́ ara wa, à ń fi ẹ̀gbẹ́ gun òkè díẹ̀díẹ̀, à ń tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀, bí ìgbà tí a bá ń tẹ amọ̀ ilé àna níbi ọ̀wẹ̀. Orin nìkan ni kò sí níbẹ̀, àti ẹ̀kọ àti àkàrà.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, mo fẹ́ràn rẹ̀. Ní báyìí, ó ń rí mi lára. Lọ́jọ́ Sátidé, ọmọkùnrin kan tí irùngbọ̀n rẹ̀ kò tíì kún fò, pákó ẹsẹ̀ rẹ̀ kan yà. Ó fi ojú balẹ̀, ó sì fi ojú náà wọ́ títí dé ìsàlẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi, ariwo tí àwọn èèyàn pa nígbà tó ṣubú ju èyí tí wọ́n pa fún àwọn tó fò dáadáa lọ. Ìyá kan dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi tó ń jẹ sọ́séèjì tí wọ́n fi ẹ̀jẹ̀ ẹlẹ́dẹ̀ ṣe. Kò dáwọ́ jíjẹ dúró. Wọ́n gbé ọmọ náà lọ. Ẹ̀jẹ̀ wà nílẹ̀ gbọọrọ bí aṣọ tí wọ́n sá. Ọ̀gá wa, Fúránsì, súfèé sí wa. Ó ní ká da òjò dídì tuntun lé e lórí, ká tẹ̀ ẹ́, kí ẹni tó kàn lè fò. Mo tẹ̀ ẹ́. Ó rọ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀ mi ju ìyókù lọ.

Alẹ́ ọjọ́ náà, mi ò lè jẹun, bẹ́ẹ̀ ni mi ò sì fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Èwo ló burú jù nínú méjèèjì?

Ẹ bá mi fi ata gígún ránṣẹ́. Oúnjẹ wọn ń rùn bí ìbọ̀sẹ̀, ìbọ̀sẹ̀ wọn sì ń rùn bí oúnjẹ.

Àbúrò yín,
Múyìwá.


Ìjìgbò, Adó-Èkìtì,
Ọjọ́ 19, oṣù kìn-ín-ní, 1954.

Olúmúyìwá,

Ọlọ́run kí ọ. Èmi kò tíì ṣe tán láti kí ọ.

Mo ka lẹ́tà rẹ lẹ́ẹ̀mejì, mo bọ́ awò ojú mi, mo nù ún, mo tún un kà, bóyá ìdọ̀tí ló wà lára rẹ̀. Òjò dídì! Òjò dídì tí Àìsáyà fi ṣàpèjúwe ìwẹ̀nùmọ́ ẹ̀ṣẹ̀, òun ni ìwọ ń fi ẹsẹ̀ tẹ ẹ̀jẹ̀ ọmọ ọlọ́mọ mọ́. Ó kó mi nírìíra. Mo ń gún ata tí o bèèrè, mo ń sọ fún odó pé, ‘Wò ó, akẹ́kọ̀ọ́ òfin la ń gún ọ fún.’ Bí o bá fẹ́ rí ẹni tó ń jábọ́ láti orí òkè, ṣé Òkè Ayọ̀bà jìnnà sí ilé wa ni? Àwọn ewúrẹ́ ń jábọ́ níbẹ̀, kò sì sí ẹni tó ń fún wọn ní máàkì.

Jẹ́ kí n sọ ohun tó ṣe pàtàkì. Ọkọ ti dé fún Àyọ̀kẹ́. Olúgbénga lorúkọ rẹ̀, tíṣà ni ní Ìyìn, ọmọ Bàbá Adéyẹyè tó jẹ́ ẹ̀mẹwà ìjọ Áńgílíkà níbẹ̀. Ọmọ jẹ́jẹ́ ni. Bó bá wá, tó bá rí mi tí mò ń gbálẹ̀, á gba ìgbálẹ̀. Àyọ̀kẹ́ tí kì í bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀ jù ti ń kọrin níbi tó ti ń fọ abọ́. Láti ìgbà tí ìyá rẹ̀ ti kú tí mo ti gbé e mọ́ra, ọmọ náà kò tíì bèèrè nǹkan kan lọ́wọ́ mi rí. Èyí ló bèèrè. Ó ní, ‘Ìyá mi, òun ni mo fẹ́ o.’

Àwọn ará Ìyìn ti ń wádìí wa. O mọ̀ wọ́n. Bí ẹnì kan bá wúkọ́ ní ilé yìí kí òyìnbó tó dé, wọn óò fẹ́ mọ ohun tó fà á. Ìyá Abọ́sẹ̀dé ni alárinà. Ẹnu rẹ̀ gùn ju ọwọ́ ọlọ lọ. Wọ́n bèèrè ẹ̀tẹ̀, a ní kò sí. Wọ́n bèèrè olè, a ní kò sí. Wọ́n bèèrè wèrè, mo ní kó máa ṣẹlẹ̀ ní ilé ọ̀tá wa. Wọ́n ní bàbá ọmọ ńkọ́? Mo ní ó ń kọ́ nípa òfin ní Lọ́ńdọ̀nù.

Nítorí náà, kọ lẹ́tà kan sí Bàbá Adéyẹyè bí ọkùnrin tó ní ọmọ. Kí wọn pẹ̀lú ọ̀wọ̀. Fi í ránṣẹ́ sí ọ̀dọ̀ mi, èmi á jẹ́ kí wọ́n gbé e dé Ìyìn. Kí n má sì gbọ́ ọ̀rọ̀ òkè àti pákó mọ́ láti ẹnu rẹ.

Ẹ̀gbọ́n rẹ,
Monínúọlá.


Ọ́síríà,
Ọjọ́ 5, oṣù kẹta, 1954.

Ẹ̀gbọ́n mi,

Ẹ kú sùúrù mi, ẹ kú iṣẹ́ lórí Àyọ̀kẹ́. Nígbà tí mo ka ọ̀rọ̀ ọmọ náà, mo hó yèè, àwọn tí a jọ ń sùn sọ bàtà tutù lù mí. Ẹ bá mi gbá a mọ́ra. Ata dé, mo sì bù ú sórí gbogbo nǹkan tí wọ́n gbé síwájú mi, títí kan búrẹ́dì.

Lẹ́tà sí Bàbá Adéyẹyè, mo ti bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ lọ́pọ̀ ìgbà. Bí mo bá ti kọ ‘Èmi tí mò ń kọ́ nípa òfin,’ ọwọ́ mi á dúró, màá ya á. Ẹ forí jì mí. Mi ò mọ̀ bóyá òtítọ́ ni mò ń tọ́jú àbí ọ̀lẹ ni mo jẹ́.

Èyí tí mo fẹ́ kọ yìí, ẹ̀yin nìkan ni kí ẹ kà á.

Kí Lẹ́ǹtì tó wọlé, àwọn ará ibí ní ọjọ́ kan tí àgbà fi ń ṣe bí ọmọdé. Dókítà á wọ aṣọ àgbẹ̀, ọkùnrin á wọ yẹ̀rì, wọ́n á kun ojú. Lọ́jọ́ náà, wọ́n máa ń fò láti orí òkè kékeré fún ẹ̀rín, kì í ṣe fún ìdíje. Fúránsì wá bá wa níbi tí a ti ń yá iná. Ó ní, ‘Ta ló máa fò?’ Àwọn kan nawọ́. Ó wá wò mí, ó ní, ‘Ìwọ ò tiẹ̀ nílò láti kun ojú.’ Gbogbo yàrá bú sẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Kí ló pa mí lẹ́rìn-ín?

Wọ́n ti ran yẹ̀rì koríko sílẹ̀ dè mí kí wọ́n tó bi mí, ibẹ̀ ló ti dùn mí jù. Koríko ibùsùn màlúù ni, ó ń rùn bí ìtọ̀. Wọ́n so egungun adìẹ mọ́ mi lọ́rùn. Ẹ̀gbọ́n mi, èmi tí mo ka Látìn, ọmọ bàbá tó wà lára àwọn tó kọ́kọ́ wọ ṣọ́ọ̀ṣì ní Adó!

Kò sí ẹni tó fi okùn dè mí. Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ nìyẹn. Mo lè sọ̀kalẹ̀ padà. Mo dúró lókè, mo rí àwọn èèyàn nísàlẹ̀ bí èèrà lórí ìrẹsì, wọ́n ń kígbe bí ọ̀bọ sí mi, wọ́n ń fi ọwọ́ họ abíyá. Mo sì dá ara mi sílẹ̀.

Mo fò. Kò jìnnà ju àgbàlá wa lọ. Ṣùgbọ́n nígbà tí ilẹ̀ kúrò lábẹ́ mi, gbogbo ariwo yẹn dákẹ́ létí mi. Ìgbà tí ẹ̀yìn mi kan ilẹ̀ ni mo tó tún gbọ́ ọ. Mo yí gbirigbiri, yẹ̀rì koríko bò mí lórí. Ọpẹ́lọpẹ́ ṣòkòtò tí mo wọ̀ sábẹ́.

Oníwèé ìròyìn kan ya àwòrán mi bí mo ṣe dìde. Òun ni mo ká sínú lẹ́tà yìí. Ẹ wo ẹnu mi, eyín mi wà níta. Ṣé ẹ̀rín ni, àbí òtútù ló fà mí létè? Mo ti wò ó títí ojú mi fi ń ta mí, mi ò lè sọ. Ẹ̀yin tí ẹ tọ́ mi, ẹ wò ó kí ẹ sọ fún mi.

Lẹ́yìn náà, kí ẹ sun ún. Ẹlòmíràn kò gbọdọ̀ gbọ́ ọ, pàápàá jùlọ àwọn ará Ìyìn.

Àbúrò yín,
Múyìwá.


Ìjìgbò, Adó-Èkìtì,
Ọjọ́ 27, oṣù kẹta, 1954.

Múyìwá,

Ó ti bàjẹ́.

Awò ojú mi bọ́ sínú kànga lọ́sẹ̀ tó ṣáájú. Nígbà tí lẹ́tà rẹ dé, Ìyá Abọ́sẹ̀dé jókòó lọ́dọ̀ mi, ó ń fi epo jẹ iṣu sísun, ó wá sọ pé ẹbí ọkọ ti ń wo ọjọ́ tí wọn óò wá dána. Ẹ̀bùnọlá, akọ̀wé Ilé Àdúrà wa, wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Lẹ́tà yìí wú. Mo ní, ‘Ọpẹ́ o, ọ̀rọ̀ tí mo ní kí bàbá ọmọ kọ sí àwọn àna nìyí.’ Mo fẹ́ kí obìnrin yẹn gbọ́ bí akẹ́kọ̀ọ́ òfin ṣe ń kọ̀wé. Ìgbéraga mi ni. Mo ní, ‘Ẹ̀bùnọlá, kà á sókè.’

O mọ Ẹ̀bùnọlá. Kò mọ bí wọ́n ṣe ń ka nǹkan jẹ́jẹ́. Ó dìde dúró, ó na lẹ́tà náà síwájú, ó ń kà á bí èpísítélì Pọ́ọ̀lù sí àwọn ará Kọ́ríńtì. Nígbà tó kan ‘ẹ̀yin nìkan ni kí ẹ kà á,’ mo ní, ‘Ó tó.’ Kò gbọ́. Ó ka yẹ̀rì koríko. Ó ka egungun adìẹ. Ó ka ‘pàápàá jùlọ àwọn ará Ìyìn,’ ó wá tẹrí ba, ó ní, ‘Níhìn-ín ni ẹ̀kọ́ kejì parí sí.’

Àwòrán ti jábọ́ sílẹ̀. Ìyá Abọ́sẹ̀dé ló mú un. Mo gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, mo nà án jìnnà sójú kí n lè rí i, òun náà ń wò ó láti ẹ̀yìn èjìká mi.

‘Ta lèyí, Ìyá Ìjọ?’

‘Mi ò mọ̀ ọ́n.’

‘Imú yín nìyẹn.’

‘Imú pọ̀ láyé.’

‘Ó pọ̀, ṣùgbọ́n èyí jẹ́ tiyín.’ Ó tún gbà á, ó fi ọwọ́ elépo dì í mọ́ ìṣẹ́po ìró rẹ̀, ó dìde, kò parí iṣu.

Ilẹ̀ kò tíì ṣú tí ọ̀rọ̀ fi dé Ìyìn. Wọ́n ní Bàbá Adéyẹyè gbé àwòrán náà sórí itan, ó wò ó, ó ní, ‘A bèèrè wèrè nílé wọn, wọ́n ní kò sí. Wèrè wá fúnra rẹ̀ kọ̀wé.’ Wọ́n ti dá ìdána dúró. Àwọn èwe níbí ti ń so pákó mọ́ ẹsẹ̀, wọ́n ń fò láti orí ògiri ilé ìdáná, wọ́n ń pè é ní ‘Bàbá Àyọ̀kẹ́.’ Ọmọ rẹ gbọ́ ọ bó ṣe ń pọnmi bọ̀. Kò sunkún. Ó gbé omi sílẹ̀, ó wọlé, kò kọrin mọ́.

O ní kí n wo ẹnu rẹ. Ẹ̀rín ni, Múyìwá. Ẹ̀rín tí o máa ń rín nígbà tí bàbá wa bá ń nà ọ́ ni. Mo kórìíra rẹ̀ nígbà náà, mo sì kórìíra rẹ̀ nísinsìnyí.

Ọ̀nà kan ló kù. Kọ̀wé kíá pé àlọ́ lo ń pa fún mi, pé ẹlòmíràn ló wà nínú àwòrán. Màá ní kí Ẹ̀bùnọlá kà á lójú gbogbo ayé. Má jẹ́ kó pẹ́. Mo ti ra awò ojú tuntun, kò sí ẹni tó máa ka tìrẹ fún mi mọ́.

Monínúọlá.


Ọ́síríà,
Ọjọ́ 17, oṣù kẹrin, 1954.

Ẹ̀gbọ́n mi,

Ẹ kú ojú lọ́nà. Mo mọ̀ pé mo pẹ́. Mo kọ àlọ́ tí ẹ ní kí n kọ. Mo kọ ọ́ dáadáa pàápàá, ó dùn ún kà. Mo wá ka ohun tí mo kọ, ó dà bíi pé wọ́n tún so egungun adìẹ yẹn mọ́ mi lọ́rùn, ọwọ́ ara mi ló so ó lọ́tẹ̀ yìí. Mo sun ún.

Àsìkò ìfò ti parí. Àwọn afò ti kó ife ẹ̀yẹ wọn lọ. Àwa tí a ń tẹ òkè ni wọ́n ní ká dúró gbálẹ̀. Òjò dídì ń yọ́, gbogbo ohun tí a tẹ̀ mọ́lẹ̀ láti Kérésì sì ń jáde padà: ìbọ̀wọ́, igò, ìdí sọ́séèjì tó ti hu irun, àkísà tí wọ́n fi nu ẹ̀jẹ̀. Àná, mo ṣa eyín èèyàn kan. Mo fi han Fúránsì, ó ní, ‘Jù ú nù.’ Òórùn òkè náà báyìí, bí ilé ìgbẹ́ tí òjò wọ̀ ni. Orí irú nǹkan yìí ni àwọn èèyàn ń pàtẹ́wọ́ sí láti ọjọ́ yìí, èmi náà sì wà lára rẹ̀.

Nítorí náà, mò ń bọ̀ wálé. Mi ò ní kọ irọ́, mi ò sì ní kọ òtítọ́. Màá wá dúró níwájú Bàbá Adéyẹyè fúnra mi. Kó bi mí ní ìbéèrè. Kó fún mi ní ìṣirò. Bí ó bá rí i pé orí mi pé, kó fi ọmọ rẹ̀ fún ọmọ mi. Mo ti kọ̀wé sí àwọn ọlọ́kọ̀ ojú omi ní Lífápúù. Ọkọ̀ kan á gbéra lóṣù tó ń bọ̀, wọ́n á gbà mí síṣẹ́ ní ilé ìdáná rẹ̀ títí dé Èkó.

Ẹ sọ fún Àyọ̀kẹ́. Inú mi ti dùn díẹ̀ láti ìgbà tí mo ti pinnu rẹ̀. Ẹ̀rù ń bà mí ṣáá, ṣùgbọ́n ẹ̀rù ilé ni.

Múyìwá.


Ìjìgbò, Adó-Èkìtì,
Ọjọ́ 19, oṣù kẹrin, 1954.
Ọjọ́ kejì Àjíǹde.

Múyìwá, ọmọ ìyá mi,

Mo dúró, mo dúró, lẹ́tà kò dé. Wọ́n ránṣẹ́ pè mí sí Ìyìn láàárọ̀ yìí pé kí ọ̀rọ̀ náà tán síbì kan. Mo wọ aṣọ funfun mi, mo lọ.

Bàbá Adéyẹyè kò ní kí n jókòó títí. Ó ń bó ẹ̀pà, ó ń fẹ́ èèpo rẹ̀, èèpo ń bà lé aṣọ àdúrà mi. Mo ń gbọn ọ́n nù, ó ń fẹ́ ẹ padà. Mo fẹ́ tutọ́ sí i lójú. Mo rántí Àyọ̀kẹ́, mo gbé itọ́ mi mì.

Mo ní, ‘Bàbá, uṣẹ́ ni wọ́n fi ń ṣe lọ́hùn-ún, wọ́n ń sanwó fún un. Kì í ṣe wèrè.’

Ó ní, ‘Uṣẹ́? Ẹni tó fò láti orí òkè tí kò kú, tó tún ń ṣí eyín sílẹ̀, wèrè ni. Ì bá ṣe pé ó kú ni, à bá ní uṣẹ́ ló pa á. Ikú kò sí ní ulé ta? Àwa kì í torí ikú kọ ọmọ sílẹ̀.’

Ẹnu mi ló sọ ọ́, Múyìwá. Mo gbọ́ ọ bí ẹni tó gbọ́ ọ lẹ́nu ẹlòmíràn. Mo ní, ‘Ó kúkú ti kú.’

Ọwọ́ rẹ̀ dúró lórí ẹ̀pà. ‘Nígbà wo?’

‘Ó tún fò lẹ́yìn àwòrán yẹn. Ọ̀gá rẹ̀ ló fipá mú un. Wáyà ló dé.’

Wò ó bí ilé ṣe yí padà! Wọ́n gbé àga fún mi. Wọ́n fún mi lómi. Bàbá Adéyẹyè dìde, ó di ọwọ́ mi méjèèjì mú, ó ní, ‘Ẹ kú ọ̀fọ̀ o, àna mi.’ Àna! Ìgbà tí mo pa ọ́ ni mo tó di àna. Mo sunkún níbẹ̀, wọ́n rò pé ìwọ ni mò ń sun ẹkún rẹ. Bóyá ìwọ náà ni.

Mi ò lè gbàdúrà lálẹ́ yìí, ẹnu mi ń rùn sí mi. Ṣùgbọ́n ìdána ti dúró padà. Jọ̀ọ́, má kọ̀wé sí ẹnikẹ́ni ní Adó àfi èmi.

Monínúọlá.


Ìjìgbò, Adó-Èkìtì,
Ọjọ́ 3, oṣù karùn-ún, 1954.

Múyìwá,

Má wá. Bí o bá ti di ẹrù, tú u.

Lẹ́tà rẹ dé lẹ́yìn tí mo ti fi tèmi ránṣẹ́. Mo kà á, mo fi orí gbá ògiri. Kí ló dé tí o kò kọ ọ́ lọ́sẹ̀ kan ṣáájú? Gbogbo ayé rẹ ni o fi ń pẹ́, o wá lọ pẹ́ sí èyí.

Mi ò rò ó dé ibi tí ó dé yìí. Mo rò pé wọn óò kí mi kú ọ̀fọ̀, yóò sì parí. Mo gbàgbé pé àna ni wọ́n. Ìjẹta, Bàbá Adéyẹyè kó àwọn èèyàn rẹ̀ wá. Ó ní òun kò ní gbọ́ ikú àna òun kí òun jókòó. Olúgbénga kò ní fẹ́ ọmọ ẹni tí kò gbẹ́ ilẹ̀ fún. Mo ní òkú kò sí nílé. Ó ní, ‘Ẹni tó kú sí òkèèrè, ṣebí irun àti èékánná rẹ̀ la máa ń gbà wálé. Ẹ kọ̀wé sí ọ̀gá rẹ̀ kó fi ránṣẹ́.’ Àwọn àgbà Ilé Àdúrà ní àwọn kò fẹ́ ohun abọ̀rìṣà. Ó ní òun tó jẹ́ ọmọ Áńgílíkà òun náà kì í bọ òrìṣà, ṣùgbọ́n òun kì í sin afẹ́fẹ́.

Olúgbénga ti ń gbẹ́lẹ̀ lẹ́yìn ilé, lẹ́gbẹ̀ẹ́ bàbá wa. Ó bọ́ àwọ̀tẹ́lẹ̀, ó ń làágùn, kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ràn án lọ́wọ́. Àyọ̀kẹ́ ló ń gbé omi fún un.

Mo ti sọ òtítọ́ fún Àyọ̀kẹ́. Mi ò lè jẹ́ kó sun ẹkún rẹ láìsí òkú. Mo pè é wọ yàrá, mo fi lẹ́tà rẹ hàn án. Mo ní, ‘Bí o bá ní kí n lọ jẹ́wọ́ ní Ìyìn, màá lọ nísinsìnyí.’ Ó ka lẹ́tà náà tán. Ó ní, ‘Bàbá mi ń bọ̀ lóòótọ́?’ Mo ní bẹ́ẹ̀ ni. Ìró ọkọ́ ń wá láti ẹ̀yìn ilé. Ó wá ní, ‘Ìyá mi, ẹ ní kí wọ́n má wá.’

Mo fẹ́ gbá a létí. Ọwọ́ mi kò gbé. Ìgbà tó wà lọ́mọdé lo ti lọ, Múyìwá, ẹni tó ń gbẹ́lẹ̀ yẹn ló mọ̀.

Bí o bá fẹ́ wá síbẹ̀, wá. Mi ò lè dá ọ dúró, ilé rẹ ni. Ṣùgbọ́n bí o kò bá ní wá, fi irun àti èékánná ránṣẹ́. Ó ń rí mi lára láti kọ ọ́. Mo kọ ọ́.

Monínúọlá.


Ọ́síríà,
Ọjọ́ 16, oṣù karùn-ún, 1954.

Ẹ̀gbọ́n mi,

Ẹ kú ọ̀fọ̀.

Nígbà tí lẹ́tà yín dé, mo bínú débi pé mo di ẹrù mi, mo dé ibùdó rélùwéè. Mo jókòó síbẹ̀. Mo ń rò bí màá ṣe wọ Ìjìgbò, tí ọmọ ọlọ́mọ á wà nínú kòtò tó gbẹ́ fún mi, tí yóò gbójú sókè rí mi. Ọ̀rọ̀ wo ni màá sọ fún un? Ṣé kí n ní ó kú iṣẹ́? Ọkọ̀ ojú irin dé, ó lọ. Mi ò mọ̀ bóyá ìfẹ́ ọmọ ló mú mi jókòó àbí ìtìjú. Ẹ má bá mi dá a lẹ́jọ́, mo ti dá a tó.

Mo lọ fá orí. Obìnrin tó ń fá a fẹ́ gbá irun náà dànù, mo ní kó kó o fún mi. Ó wò mí bí ìgbà tí èèyàn bá wo aláàbọ̀ orí. Ó fi bébà gbé e, kò fẹ́ kó kan òun lọ́wọ́. Funfun ti wọ̀ ọ́ díẹ̀. Bí wọ́n bá bèèrè, ẹ ní òtútù ni. Èékánná ọwọ́ pé. Ti ẹsẹ̀ kò pé, òtútù ti jẹ́ kí díẹ̀ dúdú, kí wọ́n sì bọ́ nígbà tí mò ń tẹ òkè. Èyí tó kù, ìrísí rẹ̀ kò dára, ẹ má tú u lójú Àyọ̀kẹ́.

Ẹ má jẹ́ kí Ẹ̀bùnọlá ka ẹ̀kọ́ tó gùn. Ẹ fún Olúgbénga ní oúnjẹ dáadáa. Ẹni tó gbẹ́lẹ̀ Èkìtì yẹn tó jìn ti ṣiṣẹ́, òkúta ló pọ̀ níbẹ̀. Ẹ sọ fún un pé àna rẹ̀ ì bá fẹ́ràn rẹ̀. Ẹ lè sọ ìyẹn, òkú máa ń ní irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀.

Bí Àyọ̀kẹ́ bá sunkún, ẹ má rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún. Bí kò bá sì sunkún, ẹ má fi ojú burúkú wò ó.

Ẹ má fèsì sí mi. Èmi náà kò ní kọ mọ́.

Kí n tó kọ èyí, mo gbé ìdì irun àti èékánná náà lọ sí ilé ìfìwéránṣẹ́ fúnra mi. Akọ̀wé ibẹ̀ ní kí ló wà nínú rẹ̀. Mo ní irun. Ó ní irun ta ni. Mo ní ti ọkùnrin kan tó kú. Ó ṣe pẹ̀lẹ́ sí mi, ó sì gbé e sórí òṣùwọ̀n. Abẹ́rẹ́ òṣùwọ̀n náà kò mì.

Olúmúyìwá Adébíyìí.